Ìwé Ànjẹ̀mí Inú Yàrá Ewé

Nígbà tí ọ̀gá wa ní kí n kọ ìtàn Ilé Ẹ̀kọ́ Ìmọ̀ Ohun Abẹ̀mí sínú ìwé tí yunifásítì fẹ́ tẹ̀, bébà méjì ló nà sí mi, àti àwòrán àwọn tó ti jókòó sórí àga ọ̀gá náà rí. Gbogbo wọn ló wọ kóòtù. Gbogbo wọn ló fajú ro bí ẹni tí bàtà ń há lẹ́sẹ̀. Ó ní kí n tò wọ́n tẹ̀ léra, kí n kọ ohun tí oníkálukú wọn kọ́, ìbáà ṣe ilé tàbí òrùlé, kí n sì fi àdúrà kádìí ẹ̀. Mo bi í pé ṣé ìtàn nìyẹn àbí ìwé tí wọ́n fi ń pe orúkọ ní kíláàsì. Ó rẹ́rìn-ín, ó ní òun ti mọ̀ tẹ́lẹ̀ pé ẹnu mi kì í sùn.

Mi ò ní tò wọ́n síbí. Àwọn ọ̀gá yẹn ṣiṣẹ́, mi ò jiyàn, ṣùgbọ́n ìtàn ilé ẹ̀kọ́ wa tí mo mọ̀, inú yàrá kan ló wà, ọkùnrin kan tí kò ní dìgírì kankan ló sì tọ́jú rẹ̀. Èmi tí mo ní dìgírì mẹ́ta, díẹ̀ ló kù kí n fi iná sun ún tán. Tí mo bá fi ìyẹn sílẹ̀, irọ́ ni mo kọ.

Nígbà tí mo wọlé bí akẹ́kọ̀ọ́, àwọn àgbà ṣì máa ń sọ̀rọ̀ ìgbà tí gbogbo ilé ẹ̀kọ́ náà jẹ́ gbọ̀ngàn gígùn kan ṣoṣo lábẹ́ páànù. Àwọn tó ń kọ́ nípa ẹranko wà lápá ẹnu ọ̀nà, àwọn eléwéko wà láàrin, àwọn tó ń wá kòkòrò tí ojú lásán ò rí sì gba ẹ̀gbẹ́ fèrèsé, nítorí pé ìmọ́lẹ̀ oòrùn ni maikirosíkóòpù wọn ń lò. Aláǹgbá tí apá kan fẹ́ là, á já mọ́ wọn lọ́wọ́, á sá wọnú ewé apá kejì, ẹ̀kọ́ á dúró, ọ̀jọ̀gbọ́n àti akẹ́kọ̀ọ́ á jọ máa sáré lé e. Omi tí wọ́n fi ń fọ ìgò, àwọn olùkọ́ fúnra wọn ló ń fà á nínú kànga. Síbẹ̀, ọmọ tó jáde níbẹ̀ ń lọ sókè òkun, ó ń bá àwọn tó kàwé nínú ilé onídígí figagbága, kì í sì í tijú padà wálé. Lónìí, ilé wa ti di mẹ́rin, ẹ̀ka kọ̀ọ̀kan ní lábù tirẹ̀, ẹ̀rọ sì wà níbẹ̀ tó lè sọ ohun tó wà nínú ẹ̀jẹ̀ ẹja kí o tó ṣẹ́jú. Mo máa ń gba iwájú wọn kọjá, orí mi á wú.

Yàrá ewé wà lẹ́yìn gbogbo rẹ̀. Kọ́bọ́ọ̀dù irin ló kún inú rẹ̀. Inú kọ́bọ́ọ̀dù ni àwọn káàdì fẹ̀rẹ̀gẹ̀dẹ̀ wà, orí káàdì kọ̀ọ̀kan ni ewé gbígbẹ kan wà pẹ̀lú òdòdó àti gbòǹgbò rẹ̀, tí wọ́n fi òwú rán mọ́ ọn. Òórùn káńfọ̀ ló máa kọ́kọ́ kí ọ. Ewéko ẹ̀bá ọ̀nà, ti àkùrọ̀, ti orí àpáta, èyí tí ilé ti bo ibi tó ń hù mọ́lẹ̀, gbogbo wọn ló wà níbẹ̀. Àmọ́ ewé gbígbẹ nìkan kò tó. Bí a ò bá mọ ibi tí wọ́n ti já a, àsìkò wo, lórí ilẹ̀ wo, koríko ewúrẹ́ ni.

Bàbá tó tọ́jú yàrá náà, ọmọ àgbẹ̀ ni láti abúlé kan lẹ́yìn Ìlọrin. Wọ́n gbà á síṣẹ́ pé kó máa gé koríko yí gbọ̀ngàn ká. Olùkọ́ kan rí i lọ́jọ́ kan tó yí àdá gba ẹ̀gbẹ́ ewé kan kọjá, tí kò gé e. Ó bi í pé kí ló dé. Ó ní irú rẹ̀ kò sí lágbègbè yìí mọ́, ẹyọ yẹn ló kù. Láti ọjọ́ náà ni wọ́n ti gba àdá lọ́wọ́ rẹ̀, tí wọ́n fún un ní pátákó tí a fi ń tẹ ewé.

Ọjọ́ Sátidé, á gbé pátákó náà rù, á lọ wọkọ̀ ní Ọ̀fà Garage. Àwọn awakọ̀ á ní, "Alhaji, oògùn kí lẹ fẹ́ lọ já?" Á ní, "Oògùn àìmọ̀ ni. Ẹ sún, ẹ jẹ́ n jókòó, ẹ̀yin náà á lò níbẹ̀." Tó bá dé oko, kò ní já nǹkan kan kó tó kí olóko ní sàlámà, kó gba àyè. Ìyàwó olóko á bu omi fún un, òun náà á bèèrè orúkọ tí wọ́n ń pe ewé náà nílé wọn. Tó bá padà dé, á lọ ra káàdì lọ́wọ́ ẹnì kan ní Táíwò Road tó ti mọ ìwọ̀n rẹ̀ lórí, tí kò sì jẹ́ gé e wọ́, nítorí Bàbá máa dá a padà fún un.

Kò sí akẹ́kọ̀ọ́ ewéko tó jáde láìmú ewé kan wá fún un láti àdúgbò tirẹ̀. Lẹ́ẹ̀mẹ́ta ló dá tèmi padà. Àkọ́kọ́, mo ti ká a. Ẹlẹ́ẹ̀kejì, kò ní gbòǹgbò. Ẹlẹ́ẹ̀kẹta, ó ní mo já a lójú ọ̀nà níbi tí ọkọ̀ ti dọ̀tí sí i, pé ọ̀lẹ ni mí. Mo bínú nígbà náà. Mo fẹ́ràn rẹ̀ láti ìgbà náà. Wọ́n ti fẹ̀yìn rẹ̀ tì kí n tó di olùkọ́, àmọ́ ó dà bí ẹni pé wọn ò sọ fún un, ojoojúmọ́ ló ń wá. Nígbà tí wọ́n ní kó wá kí díìnì tuntun, bẹ́ẹ̀ ni a ń pe ọ̀gá ilé ẹ̀kọ́, ó ní, "Ní àdúgbò wa ní Gàmbàrí, díìnì kan la mọ̀, Ọlọ́hun ló ni í." Ó ṣáà lọ kí i.

Ọdún tí ọ̀rọ̀ yìí ṣẹlẹ̀, àwọn alábẹ̀wò ń bọ̀ láti Àbújá láti wá yẹ ẹ̀kọ́ wa wò. Nígbà tí wọ́n wá kẹ́yìn, wọ́n bèèrè ìwé ńlá tí a ń kọ ibi tí ewé kọ̀ọ̀kan ti wá sí. Ikán ti jẹ ẹ́. Wọ́n ní tí àwọn bá fi padà dé tí kò sí, yàrá náà kò jẹ́ nǹkan kan lójú àwọn mọ́. Ọ̀gá wa kì í ṣe ènìyàn burúkú, àmọ́ àyè há mọ́ ọn. Ó sọ fún mi pé, "Tí kò bá sí àkọsílẹ̀, mo máa kó koríko yẹn jáde, mo máa kó kọ̀ǹpútà síbẹ̀. Ìwọ lo máa tún ibẹ̀ ṣe." Àsìkò yẹn gan-an ni wọ́n ṣiṣẹ́ abẹ ojú fún Bàbá, ó wà nílé ní Gàmbàrí.

Bí mo ṣe ń palẹ̀ mọ́, mo ṣí dúrọ́ọ̀ tábìlì Bàbá. Ìwé ìkọ̀wé méje ló wà níbẹ̀, kòkòrò ti ń jẹ etí wọn. Mo ṣí ọ̀kan fìrí. Láti ọ̀tún sí òsì ni wọ́n kọ ọ́, lẹ́tà kéwú ni, tàdáwà rẹ̀ ti ṣá. Mo ní, "Ìwé àdúà Bàbá rèé." Mo pa á dé.

Ẹni tí wọ́n bí sílé àáfà ní Ìlọrin nìkan ló lè ṣe irú àṣìṣe tí mo ṣe. Nínú agboolé wa, bí bébà tó ní lẹ́tà kéwú bá já bọ́ sílẹ̀, bàbá mi á fi oúnjẹ sílẹ̀ lọ mú un. Ẹsẹ̀ kò gbọdọ̀ tẹ̀ ẹ́, kòkòrò kò gbọdọ̀ jẹ ẹ́. Tó bá ti gbó, iná la ó fi sun ún tọ̀wọ̀tọ̀wọ̀, a ó da eérú rẹ̀ sódò tó ń ṣàn. Nítorí náà, mo lọ ṣe àlùwàlá. Ìyá tó ń gbálẹ̀ yàrá náà bá mi wá aṣọ funfun, mo fi di ìwé méjèèje, mo gbé e lé ládàánì mọ́ṣáláṣí lọ́wọ́, níbi tí àgbá àwọn Àlùkùràánì tó ti fàya wà. Mo padà síbi iṣẹ́ bí ẹni tó ṣẹ̀ṣẹ̀ ti Mẹ́kà dé.

Ọ̀sẹ̀ tó tẹ̀ lé e, mo lọ kí Bàbá. Báńdéèjì bo ojú ọ̀tún rẹ̀, ó jókòó sẹ́nu ọ̀nà pẹ̀lú tẹ̀sùbáà lọ́wọ́. Mo bi í bóyá ẹ̀dà ìwé ńlá yẹn wà níbì kan.

"Èyí tí ikán jẹ?" ó ní. "Ìyẹn, àdàkọ ni. Akọ̀wé ló fi Gẹ̀ẹ́sì dà á kọ. Ojúlówó wà nínú dúrọ́ọ̀ mi. Ìwé méje. Orí oko ni mo ti ń kọ ọ́ kí n má bàa gbàgbé. Mi ò tíì mọ A, B, D nígbà yẹn, ànjẹ̀mí ni mo fi kọ gbogbo ẹ̀."

Ànjẹ̀mí. Lẹ́tà kéwú, ọ̀rọ̀ Yorùbá. Bẹ́ẹ̀ làwọn bàbá wa ṣe ń kọ̀wé síra wọn kí ilé ìwé tó dé. Mo ní mò ń bọ̀, mi ò sọ ohun tó ṣe mí. Mo wọ kẹ̀kẹ́ lẹ́nu ọ̀nà lọ sí mọ́ṣáláṣí, mo ń sọ fún ẹni tó gbé mi pé kó máa fò.

"Ọjọ́ Jímọ̀ la sun wọ́n," ládàánì ní. "Mẹ́rin ti lọ. Nígbà tó kan ìkarùn-ún, mo ní kí n ka díẹ̀ níbẹ̀ kí n fi gba láádá. Mo kà á, ó ní, ẹ̀yìn odò, lẹ́bàá gáà Fúlàní, òdòdó rẹ̀ pupa. Mo ní súbúhánà-Llọ́ọ̀, sùúrà wo tún lèyí? Mo bá gbé mẹ́ta tó kù sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan, mò ń retí yín." Mi ò mọ̀ bóyá kí n rẹ́rìn-ín ni àbí kí n sunkún. Mo sunkún.

Mo gbé ìwé mẹ́ta padà sọ́dọ̀ Bàbá. Ibẹ̀ ni mo ti dẹ́ṣẹ̀ kejì, òun ló sì burú jù. Mo ní, "Bàbá, wọ́n ti kó wọn lọ mọ́ṣáláṣí. Wọ́n rò pé àdúà ni. Wọ́n ti sun mẹ́rin."

Wọ́n. Ẹ wo ọ̀rọ̀ kékeré tí ojo lè sá pamọ́ sí. Odidi ìlú lè wà nínú rẹ̀, ẹnì kan péré náà sì lè wà níbẹ̀. Bàbá gba ìwé mẹ́ta náà lọ́wọ́ mi, ó gbọn eruku ara wọn nù. Lẹ́yìn náà ló ní, "Àwọn tó ń palẹ̀ mọ́ ni. Wọn ò mọ̀ ọ́n kà ni, ọ̀wọ̀ ni wọ́n sì fi ṣe é. Ọlọ́hun á forí jì wọ́n. Èmi náà ti forí jì wọ́n." Mo ní àmín. Ẹ gbọ́ mi, mo ní àmín.

Láti ọjọ́ kejì, Bàbá ń wá pẹ̀lú ojú kan. Mò ń ka ànjẹ̀mí sókè, ó ń tún un ṣe, mò ń kọ ọ́ sínú ìwé tuntun. Kéwú mi já geere, àmọ́ nínú ànjẹ̀mí, kò sí àmì ohùn lórí ọ̀rọ̀, o àti ọ sì jọra. Mo kà á lọ́jọ́ kan pé, "Mo já a ní ìdájí, lẹ́yìn ọkọ ìyá àgbà kan." Bàbá rẹ́rìn-ín títí ojú tó wà lábẹ́ báńdéèjì fi ń ro ó. "Oko! Ọmọ Àáfà, oko! Ẹ̀yìn oko ni mo wà. Ṣé o fẹ́ kí ọkọ ìyá àgbà ṣá mi ládàá ni?"

Nígbà tí ìwé mẹ́ta tán, ó ku àwọn ewé tí ìwé wọn ti jóná. Mo rò pé ó parí nìyẹn. Bàbá ní kí n kó wọn wá. Á gba káàdì lọ́wọ́ mi, á gbé e súnmọ́ ojú kan tó kù, á fi ìka tọ́ etí ewé, á gbóòórùn rẹ̀, á wá bẹ̀rẹ̀: abúlé wo, ẹ̀bá odò wo, ilẹ̀ dúdú ni àbí yanrìn, ta ló ni oko, kí ni ìyàwó olóko ń pe ewé náà. Bí ọmọ ilé-kéwú ṣe ń ka sùúrà tó ti há sórí, bẹ́ẹ̀ ló ń kà á. Mo ti jókòó níwájú ọ̀jọ̀gbọ́n tó pọ̀, nílé àti lẹ́yìn odi, mi ò rí irú orí bẹ́ẹ̀ rí. Tí mo bá fẹ́ dán an wò, mo máa ń gbé káàdì kan náà padà fún un lẹ́yìn ọjọ́ méjì. Ohun kan náà lá sọ, á wá ní, "Ọmọ Àáfà, o ti fi eléyìí hàn mí níjẹta."

Àmọ́ àwọn kan wà tó wò títí tó gbé sílẹ̀. "Kọ ọ́ pé a ò mọ̀."

Mo ní, "Bàbá, ẹ ṣáà dárúkọ ibì kan. Ta ló máa lọ wádìí?"

Ó wò mí bí ẹni tí mo ní kó wá jalè. "Ṣé o fẹ́ kí ọmọ ẹlòmíì gbéra láti ọ̀nà jíjìn, kó lọ máa wá ewé níbi tí kò sí? Kọ ọ́ pé a ò mọ̀."

Mo kọ ọ́. A ò mọ̀, a ò mọ̀, ó kún ojú ìwé. Ọkàn mi ò balẹ̀. Mo gbà pé òun gan-an ni wọ́n máa fi ti ilẹ̀kùn yàrá náà pa.

Ọjọ́ tí àwọn alábẹ̀wò dé, obìnrin àgbàlagbà kan ló ṣáájú wọn, onímọ̀ ewéko ni. Ó jókòó ti ìwé tuntun wa, ó ń ṣí i, ó ń mi orí. Ó dé ibi a ò mọ̀. Ó dúró.

"Kí ló dé tí èyí fi pọ̀ tó báyìí?"

"Àwọn ìwé kan ló jóná, màdáámù," Bàbá ní. "Àṣìṣe ni. Ẹ jẹ́ ká kà á sí orí arúgbó mi tó ti ń gbàgbé."

Ọ̀gá wa ò jẹ́ kó lọ bẹ́ẹ̀. Ó fẹ́ kí àwọn àlejò rí i pé òun kì í gba ìgbàkugbà, ó sì ti gbàgbé pé èmi ló ní kí n tún yàrá náà ṣe. Ó ní, "Ta ló sun ìwé? Ta ló ń palẹ̀ mọ́ níbí?" Ó yíjú sí ìyá tó ń gbálẹ̀, tó gbé omi dání fún àwọn àlejò. "Ìyá, ẹ̀yin ni, àbí? Ẹ wá rí mi ní ọ́fíìsì lọ́la. Ẹ ò lè máa báṣẹ́ lọ níbí."

Ìyá yẹn mọ ẹni tó di ẹrù náà. Òun ló wá aṣọ fún mi. Ó kàn wò mí, kò sì fajú ro, bí ẹni tó ń dúró kí n rántí nǹkan.

Wọ́n ní ẹni tó bá dákẹ́, tara rẹ̀ á bá a dákẹ́. Tí n bá dákẹ́ lọ́jọ́ yẹn, ti ìyá yìí ni ì bá bá mi dákẹ́. "Èmi ni," mo ní. "Kì í ṣe ẹlòmíì. Èmi ni mo dì í, èmi ni mo gbé e lọ fún ládàánì." Ohùn mi ga ju bó ṣe yẹ lọ. Mi ò lè wo apá ibi tí Bàbá wà.

Obìnrin náà gbé ìwé wa sílẹ̀. Ó dìde, ó fa káàdì kan yọ láàrin kọ́bọ́ọ̀dù, ó fi ọwọ́ bo orúkọ tó wà lórí rẹ̀, ó gbé e fún Bàbá. Bàbá gbóòórùn rẹ̀, ó sọ abúlé, ó sọ odò, ó sọ orúkọ tí àwọn ará ibẹ̀ ń pè é. Obìnrin náà wo ìwé, ó bá a bẹ́ẹ̀. Ó fa òmíràn, ó tún bá a bẹ́ẹ̀. Ó wá kọjú sí ọ̀gá wa. "Mo ti dé yàrá ewé tó pọ̀ tí wọ́n ti mọ ibi tí gbogbo ewé ti wá, tí kò sí ẹyọ kan tí wọn ò mọ̀. N kì í gbà wọ́n gbọ́. Ẹ̀yin kọ a ò mọ̀ síbi tí ẹ ò ti mọ̀. Ẹ má fọwọ́ kan yàrá yìí."

Wọn ò fọwọ́ kàn án títí dòní. Kọ̀ǹpútà wà níbòmíì. Àwọn tó ń ṣe ìwádìí ń kọ̀wé sí wa láti ọ̀nà jíjìn pé kí a bá àwọn wo ewé kan, a sì ń wò ó fún wọn. Ìyá náà ṣì ń gbálẹ̀ níbẹ̀, ọ̀gá wa sì bẹ̀ ẹ́ níwájú gbogbo wa, mo fẹ́ kí ẹ mọ ìyẹn náà nípa rẹ̀.

Nígbà tí àwọn àlejò lọ tán, ó ku èmi àti Bàbá. Mo kúnlẹ̀. Mo ní kó má bínú, mo ní ojú ń tì mí, mo ní àìmọye ìgbà ni mo ti fẹ́ sọ fún un. Ó ń to àwọn káàdì padà sáyè wọn, kò yára.

"Dìde," ó ní. Mo dìde.

"Àwọn tí ò mọ̀ ọ́n kà, mo ti forí jì wọ́n láti ọjọ́ yẹn. Ìwọ mọ̀ ọ́n kà. Ìwọ, fún mi láyè díẹ̀."

Ó mú fìlà rẹ̀, ó lọ sílé.

Ọjọ́ mẹ́ta ni kò wá. Mò ń ṣí yàrá láàárọ̀, mò ń jókòó, mi ò lè ṣe nǹkan kan. Ọjọ́ kẹrin, fóònù mi dún, Bàbá ni. Kò kí mi.

"Káàdì kan wà nínú àwọn tí a kọ pé a ò mọ̀," ó ní. "Ewé rẹ̀ ní irun lábẹ́, òdòdó rẹ̀ kò tó èékánná. Ẹ̀rí ọkàn mi ni kò jẹ́ kí n dárúkọ ibi tó ti wá lọ́jọ́ yẹn, nítorí kò dá mi lójú. Ó ti wá dá mi lójú báyìí. Oko bàbá mi ni."

Mo ń wá bíró káàkiri orí tábìlì, ó ń gbọ́ bí mo ṣe ń tú nǹkan ká, ó ní sùúrù fún mi.

"Ṣé o ti rí i? Ó dáa. Kọ ọ́, Ọmọ Àáfà."